Òyìnbó tó ń gbé agbolé wa ní Ìsàlẹ̀ Èkó fẹ́ wọ ìpàdé ẹbí, ṣé ká jẹ́ kó wọlé?

ỌmọÌsàlẹ̀Èkó:
Ẹ̀yin ará, ẹ kú àárọ̀ o. Ọ̀rọ̀ kan wà nílẹ̀ tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ bá wa dá sí torí ó ti fẹ́ dá ìjà sílẹ̀ nílé wa. Ọmọ Jámánì kan ló wá gba yàrá nínú agbolé wa ní Ìsàlẹ̀ Èkó, ó ní àńtírópọ́lọ́jì, ìyẹn ẹ̀kọ́ nípa àṣà àti bí àwọn èèyàn ṣe ń gbé, lòun ń kà ní yunifásítì, òun fẹ́ gbé pẹ̀lú wa fún ọdún kan gbáko kóun lè mọ bí àwọn ọmọ Èkó ṣe ń gbé pọ̀ nínú ilé ẹbí. Kì í ṣe irú èyí tó ń gbé Ìkòyí táá wá fi mọ́tò wá ya fọ́tò o. Rárá. Ibi tá a ti ń pọnmi ló ti ń pọnmi, tí wọ́n bá mú iná lọ òun náà á gbé àga síta bá wa gba atẹ́gùn, ẹ̀wà àgànyìn ló ń jẹ láàárọ̀, Yorùbá rẹ̀ ti dára débi pé ó ń ná ọjà pẹ̀lú ìyá oníbùrẹ́dì, ó sì ń dọ̀bálẹ̀ fún bàbá wa, ìdọ̀bálẹ̀ gidi tí àyà ń kan ilẹ̀, kì í ṣe èyí tí àwa ń fọwọ́ kan ilẹ̀ ká máa sáré lọ.

Ibi tí wàhálà wà ni pé ìpàdé ẹbí ń bọ̀. Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ wà nínú ẹ̀, mi ò lè sọ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Òyìnbó wá ní òun fẹ́ jókòó síbẹ̀, òun ò ní lanu, òun kàn fẹ́ máa gbọ́ kóun máa kọ ọ́ sílẹ̀. Àwọn kan ní kí ló burú ńbẹ̀, ọmọ wa ni. Àwọn kan ní láéláé. Bàbá ò tíì sọ nǹkan kan. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ bí àwọn èèyàn yìí ṣe ń ṣiṣẹ́ wọn, kí lẹ rí sí i?

DánfóÒjúẹlẹ́gba:
Ṣé ó ń san rẹ́ǹtì? Tó bá ti ń san rẹ́ǹtì, ẹ jẹ́ kó jókòó jàre.

ỌmọÌsàlẹ̀Èkó:
Ó san gbogbo ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, kò tiẹ̀ ná an. Àwa la ní kó ná an, ojú ń tì wá.

ÀdìóÌdúmọ̀tà:
Láéláé! Ẹni tí mo bá ń sọ̀rọ̀ tó bá ń kọ nǹkan sínú ìwé kékeré, mi ò lè fọkàn tán irú wọn. Ẹni tó bá fẹ́ mọ̀ wá kó wá fẹ́ ọmọ wa, kó bá wa sin òkú, kó bá wa jẹ gbèsè, kí wọ́n pe òun náà lẹ́jọ́. Ibẹ̀ lèèyàn ti ń mọ ẹbí. Tẹ́ ẹ bá gbà á sípàdé lónìí, lọ́la á ní òun fẹ́ mọ ohun tó wà lábẹ́ agọ̀ Ẹyọ̀. Àwa gan-an tí wọ́n bí sí Èkó, tí Ẹyọ̀ bá jáde a ò gbọdọ̀ wọ bàtà níwájú wọn, a ò gbọdọ̀ mu sìgá, obìnrin ò gbọdọ̀ di ṣùkú, ẹni tó bá ní òun lágídí, ọ̀pá ọ̀pàm̀bàtà wà ńbẹ̀ fún un. Gbogbo nǹkan kọ́ lèèyàn ń mọ̀.

TíṣàYábàá:
Ẹ jẹ́ kí n dá sí i torí mo ti kọ́ àwọn ọmọ ní nǹkan yìí rí. Tẹ́lẹ̀ tẹ́lẹ̀, àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n tó ń kọ̀wé nípa àṣà àwọn ẹlòmíì, ilé wọn ni wọ́n máa ń jókòó sí, wọ́n á máa ka lẹ́tà tí àwọn oníwàásù àti àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba bá kọ ránṣẹ́. Ẹni tí gbogbo wọn máa ń dárúkọ pé ó yí i padà ni Bronislaw Malinowski, ọmọ Poland tí wọ́n bí ní Kraków ní 1884. Ogun 1914 bá a ní apá Australia, ọmọ abẹ́ ìjọba Austria sì ni nígbà náà, ìyẹn ni pé ọ̀tá ni lójú òfin, ṣùgbọ́n wọ́n jẹ́ kó máa ṣiṣẹ́ rẹ̀ lọ. Ó gba erékùṣù Trobriand lọ, nítòsí Papua, láàárín 1915 sí 1918, ó pa àgọ́ sáàárín abúlé Omarakana, nítòsí ilé olóyè, ó kọ́ èdè wọn, ó ń jí pẹ̀lú wọn, ó ń rí wọn tí wọ́n ń jà, tí wọ́n ń gbin iṣu, tí wọ́n ń ṣọ̀fọ̀.

Nǹkan tó rí níbẹ̀ ni wọ́n ń pè ní kula. Ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn tí wọ́n fi ìkarahun pupa ṣe á máa lọ láti erékùṣù sí erékùṣù gba ọ̀nà kan, ẹ̀gbà apá tí wọ́n fi ìkarahun funfun ṣe á máa gba òdìkejì bọ̀, wọ́n á wọ ọkọ̀ ojú omi ní ọ̀nà jíjìn tó léwu torí ẹ̀, ẹni tó bá gbà á kò sì ní pẹ́ tó fi gbé e fún ẹlòmíì. Lójú ẹni tó bá ń kọjá lọ, òmùgọ̀ ni wọ́n. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá jókòó tì wọ́n á rí i pé orúkọ ló wà ńbẹ̀, ọ̀rẹ́ ló wà ńbẹ̀, ọjà gidi sì ń bá a rìn lábẹ́lẹ̀. Ó kọ ọ́ jáde ní 1922, látìgbà yẹn ni ẹni tó bá fẹ́ jẹ́ àńtírópọ́lọ́jísìtì ti gbọ́dọ̀ lọ gbé ibòmíì.

Ẹ wá gbọ́ apá kejì. Ó kú ní 1942. Ní 1967 wọ́n tẹ ìwé ìrántí tó ń kọ fún ara ẹ̀ nígbà tó wà lọ́hùn-ún. Ẹ̀yin ará, ọ̀rọ̀ tí ò dáa ló kún inú ẹ̀. Ó ń bú àwọn èèyàn yẹn, ara ilé ń wù ú, ó ń wọ inú àgọ́ lọ ka ìwé ìtàn kó má bàa rí wọn. Ẹni tí gbogbo ayé ń pè ní baba àwọn tó ń báni gbé! Nítorí náà tí òyìnbó yín bá ń dọ̀bálẹ̀, ó dáa, ṣùgbọ́n ẹ ò mọ ohun tó ń kọ lálẹ́.

DánfóÒjúẹlẹ́gba:
Ìlẹ̀kẹ̀ tẹ́nìkan ò gbọdọ̀ kó pamọ́, wọ́n kàn ń gbé e káàkiri orí omi? Àwọn yẹn á mọ àjọ dá gan-an ni. Ṣùgbọ́n ẹ̀gbọ́n Tíṣà, ta ni kì í bú àwọn tó ń bá gbé ilé? Tí wọ́n bá tẹ ohun tí mò ń rò nípa àwọn ayálégbé ẹgbẹ́ mi ní fésì-mí-àì-fésì-yú yìí, wọ́n á lé mi jáde kílẹ̀ tó mọ́.

ÌyàwóÈpètèdó:
Òyìnbó, òyìnbó, òyìnbó. Láti àárọ̀ ni mo ti ń ka ọ̀rọ̀ yín. Èmi tí mo ti Ìjẹ̀bú wọlé ọkọ ní Èpètèdó ńkọ́? Ta ló jókòó ṣàlàyé nǹkan kan fún mi? Ọjọ́ tí mo wọlé ni wọ́n ti sọ fún mi pé gbogbo ọmọ tí mo bá nílé, títí kan èyí tó ń ràkòrò, ẹ̀gbọ́n mi ni, mi ò gbọdọ̀ pè wọ́n lórúkọ. Mo wá ń wò wọ́n. Bí wọ́n ṣe ń rìn, bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀, ohun tí wọ́n fẹ́ràn, ohun tí wọ́n ń fi pamọ́, ibẹ̀ ni mo ti fún wọn lórúkọ: Ìbàdíàrán, Agùntáṣọọ́lò, Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́, títí dónìí ohun tí mò ń pè wọ́n nìyẹn, àwọn míì ti gbàgbé orúkọ tí bàbá wọn sọ wọ́n. Mo mọ èèwọ̀ ilé yẹn ju ẹni tí wọ́n bí síbẹ̀ lọ torí tí ọmọ ilé bá ṣẹ̀ wọ́n á ní ọmọdé ni, tí ìyàwó bá ṣẹ̀ wọ́n á ní ilé wọn ni kò ti kọ́ ẹ̀kọ́. Mo mọ ẹni tó ń bá ta yan odì àti ọdún tó bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí ìyá ọkọ mi jáde láyé, tí wọ́n gbé òkú dé, ta ló ki oríkì ilé? Àwọn ọmọ ilé dúró wọ́n ń wojú ara wọn, ẹ̀rọ fóònù ló wà lọ́wọ́ wọn tí wọ́n fi ń ká fídíò. Àwa ìyàwó la kì í, tí wọ́n sì ń sunkún.

Síbẹ̀ tí wọ́n bá fẹ́ ṣèpàdé ilẹ̀ ẹ ò ní rí ìyàwó kan níbẹ̀. Ká gbé omi àti obì kalẹ̀ ká jáde, ká tilẹ̀kùn. Bẹ́ẹ̀ a ti bí ọmọ fún wọn o. Tí ọmọ Jámánì tó dé lánàá bá wá ráyè wọlé jókòó, ẹ jọ̀ọ́ kí la fẹ́ pe ìyẹn?

ỌmọÌsàlẹ̀Èkó:
Ìyá mi, ẹ má bínú. Ọ̀rọ̀ yín dùn mí wọ eegun, màá kà á fún wọn nílé.

Alákọ̀wéṢómólú:
Ohun tí ìyá sọ yìí, ẹnìkan ti lọ gbé inú ẹ̀ rí. Karin Barber, ọmọ Bìrìtìkó, ó gbé Òkukù lápá Ọ̀ṣun láàárín àwọn ọdún 1970s nítorí oríkì, ọ̀dọ̀ àwọn obìnrin ló sì lọ jókòó, àwọn ìyàwó ilé àti àwọn ìyá tó ń sun rárà, torí àwọn ló ní iṣẹ́ yẹn lọ́wọ́. Ìwé rẹ̀ jáde ní 1991. Ó ṣiṣẹ́ olùkọ́ ní yunifásítì Ifẹ̀, ó sì bá ẹgbẹ́ eré Oyin Adéjọbí ṣe eré, lórí ìtàgé, ní Yorùbá, níwájú èrò tó sanwó wọlé. Èyí ló jọ mí lójú jù. Kéèyàn wà lórí ìtàgé kó sọ ọ̀rọ̀ kan kó má dùn, àwọn ará Ìbàdàn á hó lé e lórí. Tó o bá ń kọ nǹkan sínú ìwé, kò sẹ́ni tó máa hó lé ẹ.

Ní Èkó ńbí náà, Sandra Barnes, ọmọ Amẹ́ríkà, Múṣin ló lọ ṣe tiẹ̀. Múṣin o! Nígbà tí àwọn ẹgbẹ́ ẹ̀ ń wá abúlé tó jìnnà sí títì. Ó tọpa bí ẹni tó kọ́ ilé síbẹ̀ ṣe ń di ẹni tí ayálégbé ń sá tọ̀ tí ọ̀rọ̀ bá dé, bí onílé ṣe ń di olóyè, bí olóyè ṣe ń di ẹni tí àwọn olóṣèlú ń wá kí lálẹ́. 1986 ni ìwé yẹn jáde. Ẹ lọ sí Múṣin lónìí kẹ́ ẹ wò ó bóyá nǹkan yẹn ti yí padà.

ÀdìóÌdúmọ̀tà:
Tí kò bá kọ ọ́, ṣé a ò mọ̀ ni?

ỌmọSùúrùlérè:
Bọ̀dá Àdìó, a mọ̀, àmọ́ ìjọba ò mọ̀, tàbí kí n sọ pé kò fẹ́ mọ̀. Àwọn òbí mi àgbà wà lára àwọn tí wọ́n kó kúrò ní Ìsàlẹ̀ Èkó láàárín àwọn ọdún 1950s nígbà tí wọ́n ní ilé ibẹ̀ dọ̀tí, wọ́n fẹ́ wó o, kí gbogbo yín máa lọ sí Sùúrùlérè. Ilé tuntun ni, omi ẹ̀rọ wà ńbẹ̀, ó mọ́ tónítóní. Peter Marris wá láti Ìlú Ọba, ó ń lọ láti ilé dé ilé, ó ń bi àwọn tó kù lẹ́yìn àti àwọn tó ti kó lọ, ohun tó kọ ní 1961 ni pé ẹbí tú ká, rẹ́ǹtì àti owó mọ́tò wọ àwọn èèyàn lọ́rùn, ìyá tó ń tajà níwájú ilé ò rí oníbàárà mọ́, bàbá tó jẹ́ pé gbogbo ọmọ ẹ̀ ló ń kọjá ní iwájú ilẹ̀kùn ẹ̀ láàárọ̀ wá dẹni tó ń retí wọn lọ́jọ́ Sọ́ńdè. Ìyá bàbá mi máa ń sọ gbogbo ẹ̀ fún wa, ẹ̀rín la máa ń fi rín. Ìgbà tí mo kà á nínú ìwé ni mo mọ̀ pé kì í ṣe àròyé arúgbó.

Marris ò gbé inú agbolé bíi ti òyìnbó yín yìí o, ìbéèrè ló ń bi kiri. Àmọ́ ó gbọ́.

ÀbúròLọ́yà:
Ilé ẹjọ́ Igbóṣeré ni mo ti ń jẹun, nítorí náà ọ̀rọ̀ ilẹ̀ tí ọmọ ìyá wa sọ yẹn ni mo fẹ́ mú. Ẹ má fi òyìnbó tó ń kọ̀wé ṣeré. Ní 1898, Rayner tó jẹ́ adájọ́ àgbà Èkó kọ ìròyìn kan nípa bí wọ́n ṣe ń ni ilẹ̀ ní ìhà ọ̀dọ̀ wa, ó ní ilẹ̀ jẹ́ ti ìlú, ti abúlé tàbí ti ẹbí, kì í ṣe ti ẹnìkan ṣoṣo. Ìwé lásán ni, àbí? Ó di ìgbà tí ìjọba gba ilẹ̀ ní Àpápá lọ́wọ́ Olóyè Àmọ́dù Tìjání Olúwa tí wọ́n ní owó díẹ̀ báyìí ló tọ́ sí i. Ẹjọ́ dé London. Herbert Macaulay bá olóyè lọ ní 1920, ọ̀pá àṣẹ Ẹlẹ́kọ̀, ìyẹn ọba Èkó, wà lọ́wọ́ ẹ̀, ìyẹn náà dá wàhálà tiẹ̀ sílẹ̀ ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀. Ní 1921 àwọn adájọ́ Privy Council, ilé ẹjọ́ tó ga jù fún àwọn ìlú abẹ́ òyìnbó nígbà náà, dájọ́ pé kí wọ́n san owó ilẹ̀ pé, ìròyìn Rayner yẹn gan-an ni Haldane tó jẹ́ ọ̀kan lára wọn kà jáde nínú ìdájọ́. A jàre. Ó dùn mọ́ wa nínú.

Ṣùgbọ́n ìwé kan náà ló jẹ́ kó di òfin pé ẹnìkan ò lè ta ilẹ̀ ẹbí bó ṣe wù ú, ó sì ti pọ̀ tí ẹbí ti gbé ara wọn lọ sílé ẹjọ́ lórí ẹ̀. Ohun tí mò ń sọ ni pé tí wọ́n bá ti kọ àṣà sílẹ̀ báyìí, kò sí nílé mọ́. Tí òyìnbó bá kọ ọ́ pé "Bàbá sọ pé ẹ̀ka ilé báyìí ò nípìn-ín ńbẹ̀", tí Bàbá fi ìbínú sọ ọ́, tí wọ́n ti parí ẹ̀ lẹ́yìn ìpàdé, ìwé yẹn ṣì wà. Ẹ̀ka yẹn lè gbé e wá síwájú adájọ́ lọ́jọ́ kan. Nítorí náà ìdáhùn tèmi ni rárá, kì í ṣe nítorí pé kì í ṣe ọmọ ilé. Tó bá jẹ́ ọmọ ilé ló ń kọ ọ́ sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, rárá náà ni màá sọ.

ÀǹtíAlápéré:
Ẹ̀yin gbàgbé pé ẹ̀yin náà lè wo òyìnbó. Laura Bohannan, ọmọ Amẹ́ríkà, lọ gbé lọ́dọ̀ àwọn Tiv ní Benue. Lásìkò òjò tí iṣẹ́ oko ò sí, àwọn àgbà jókòó ń mu ọtí, wọ́n ní kó sọ ìtàn ilé wọn. Ó sọ ti Shakespeare, ọmọ ọba tí bàbá rẹ̀ kú tí àbúrò bàbá wá fẹ́ ìyá rẹ̀. Ó rò pé wọ́n á ní háà! Wọ́n ní ó dáa bẹ́ẹ̀, ta ló fẹ́ kó máa roko fún opó? Ó ní òkú bàbá fara han ọmọ. Wọ́n ní irọ́ ni, òkú kì í rìn, àjẹ́ ló rán nǹkan yẹn. Ibi gbogbo ni wọ́n ti ń tún un ṣe fún un, níkẹyìn wọ́n ní tó bá délé kó sọ fún àwọn àgbà ìlú ẹ̀ pé ọ̀dọ̀ àwọn tó mọ nǹkan lòun jókòó sí. Ẹ bi ọmọ Jámánì yẹn bí wọ́n ṣe ń pín ogún nílé wọn. Ẹ bi í ta ló ń tọ́jú ìyá ẹ̀ báyìí. Kó dáhùn níwájú gbogbo agbolé.

DánfóÒjúẹlẹ́gba:
Àwọn Tiv parí iṣẹ́! Ẹ̀yin ará, Àdùnní Olórìṣà ńkọ́, ti Òṣogbo? Ṣé ìyẹn náà kọ́ ló wá gbé pẹ̀lú wa?

TíṣàYábàá:
Ìyẹn yàtọ̀. Susanne Wenger kì í ṣe àńtírópọ́lọ́jísìtì, oníṣẹ́ ọnà ni. Ọmọ Austria ni, ó dé ní 1950, ó wọ ẹ̀sìn òrìṣà, kò padà. Òun àti àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ ibẹ̀ ni wọ́n jọ tún igbó Ọ̀ṣun ṣe tí UNESCO fi kọ ọ́ sínú ìwé àwọn ohun àjogúnbá àgbáyé ní 2005, Òṣogbo ló kú sí ní 2009. Kò jẹ yunifásítì kankan ní ìròyìn. Pierre Verger, ọmọ Faransé tó ń ya fọ́tò, náà wọlé pátápátá, ó di babaláwo, wọ́n sọ ọ́ ní Fátúnmbí.

Ẹni tó sún mọ́ ọ̀rọ̀ òyìnbó Ìsàlẹ̀ Èkó yìí jù ni Frank Cushing. Iléeṣẹ́ Smithsonian ní Amẹ́ríkà ló rán an lọ sọ́dọ̀ àwọn Zuni, ẹ̀yà kan lára àwọn onílẹ̀ Amẹ́ríkà, ní 1879, ọmọ ọdún 22. Àwọn tó bá a lọ padà, òun kó wọ ilé gómìnà ìlú láìgbàṣẹ, ó ní òun ń gbébẹ̀. Wọ́n fún un ní aṣọ wọn, oúnjẹ wọn, wọ́n fi í jẹ àlùfáà Ọrun, ìyẹn ẹgbẹ́ àwọn jagunjagun. Ó wá ń kọ ohun tó rí nínú ẹgbẹ́ náà jáde fún ayé kà, ìyẹn ò dáa. Ṣùgbọ́n nígbà tí àwọn kan tó bá sẹ́nétọ̀ kan tan fẹ́ gba ilẹ̀ àwọn Zuni, Cushing ló kọ̀wé pariwo sí ìwé ìròyìn. Sẹ́nétọ̀ bínú. Ní 1884 wọ́n pè é padà sílé. Ìdí nìyí tí mi ò fi lè dá ẹjọ́ ẹ̀ tán. Ó tú àṣírí wọn, ó sì fi iṣẹ́ rẹ̀ gbèjà ilẹ̀ wọn.

ÀdìóÌdúmọ̀tà:
Èyí tó gbèjà ilẹ̀ yẹn, mo gbà fún un. Ẹ bi tiyín bóyá ó lè pariwo tí wọ́n bá fẹ́ gba ilẹ̀ yín, àbí ó máa ní òun ò gbọdọ̀ dá sí i torí ìwé òun.

Alákọ̀wéṢómólú:
Mo fẹ́ dárúkọ ẹnìkan tí kì í ṣe òyìnbó kẹ́ ẹ má bàa rò pé àwọn nìkan ló ń ṣe é. Zora Neale Hurston, obìnrin aláwọ̀ dúdú Amẹ́ríkà, ọ̀dọ̀ ọ̀jọ̀gbọ́n Franz Boas ló ti kọ́ àńtírópọ́lọ́jì. Láàárín 1927 sí 1928 ó lọ bá bàbá kan ní Alabama tó ń jẹ́ Kossola, ọmọ Yorùbá láti apá Bantè tó wà ní Bẹ̀nẹ̀ lónìí, tí àwọn ọmọ ogun Dahomey mú tí wọ́n sì fi ọkọ̀ Clotilda gbé kọjá òkun ní 1860. Bàbá ti darúgbó. Hurston á gbé èso píìsì àti bàrà olómi lọ, lọ́jọ́ míì bàbá ò ní fẹ́ sọ nǹkan kan, wọ́n á kàn jọ jẹun, tàbí kí Hurston bá a gbá ṣọ́ọ̀ṣì. Nígbà tó kọ ọ́ tán, àwọn tó fẹ́ tẹ̀ ẹ́ ní kó yí ọ̀rọ̀ bàbá sí gẹ̀ẹ́sì ilé ìwé. Ó kọ̀. Ìwé yẹn wà nílẹ̀ títí, òun fúnra ẹ̀ kú ní 1960, 2018 ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ tẹ̀ ẹ́ jáde, gẹ́gẹ́ bí bàbá ṣe sọ ọ́.

ỌmọSùúrùlérè:
Ìgbálẹ̀ ṣọ́ọ̀ṣì yẹn wọ̀ mí lára.

ỌmọÌsàlẹ̀Èkó:
Ẹ kú iṣẹ́ gbogbo yín. Mo bá òyìnbó sọ̀rọ̀, mo sì ka ti ìyá Èpètèdó àti ti Lọ́yà fún un. Ó gbọ́. Ó ní tẹ́ ẹ bá ní rárá, rárá náà ni, pé kò sí ẹni tóun máa kọ orúkọ ẹ̀ gan-an sínú ìwé, pé yunifásítì àwọn ní òfin. Ó wá mú fọ́ọ̀mù kan jáde, ó ní kí olórí ẹbí bá òun fọwọ́ sí i láti fi hàn pé ẹ mọ̀ sí ohun tóun ń ṣe.

Ẹ̀yin ará, fọ́ọ̀mù! Ní Ìsàlẹ̀ Èkó! Ní ọ̀sẹ̀ tí ìpàdé ilẹ̀ ń bọ̀! Bàbá wo ìwé, ó wo òyìnbó, ó ní "Ọmọ mi, o ṣe dáadáa, àmọ́ nílé yìí a kì í fọwọ́ síwèé òyìnbó kí oòrùn tó wọ̀, tó bá sì wọ̀ tán a kì í ríran."

ÀbúròLọ́yà:
Ẹ ò rí i! Ọba Dòsùnmú fọwọ́ síwèé tó fi Èkó lé òyìnbó lọ́wọ́ ní 6 Ọ̀gọ́sì 1861, ọkọ̀ ogun wà lórí ọ̀sà, ohun tó tẹ̀lé e la mọ̀. Òyìnbó yìí ò mọ ibi tó mú bírò wá. Bẹ́ẹ̀ láti gbèjà yín ni wọ́n ṣe ṣe fọ́ọ̀mù yẹn o, kí wọ́n má bàa kọ ọ̀rọ̀ yín láìgbàṣẹ. Ẹ ní kó gba àṣẹ lẹ́nu, níwájú ẹlẹ́rìí, yunifásítì mìíràn máa ń gba ìyẹn náà.

ÀdìóÌdúmọ̀tà:
Bàbá yín ni mo fẹ́ máa tẹ̀lé láti òní lọ.

ÌyàwóÈpètèdó:
Kí ni wọ́n wá fẹnu kò sí? Ẹ má fi mí sílẹ̀ síbí.

ỌmọÌsàlẹ̀Èkó:
Ìyá mi, ẹ jókòó dáadáa. Bàbá pe àwọn àgbà, mo ka ọ̀rọ̀ yín bẹ́ ẹ ṣe kọ ọ́, àwọn ìyá ilé wa tó wà lẹ́yìn fèrèsé pariwo bí ẹni pé wọ́n jẹ góòlù. Bàbá ní ó tán, òun ti mọ ibi tí òyìnbó wà nínú ilé. Ìyàwó ilé ni. Kò ní wọ ìpàdé ilẹ̀. Ìsìnmi tó ń bọ̀ la ní ìkómọ, ọ̀dọ̀ àwọn ìyàwó ni kó wà, kó bá wọn rin ata, kó fọ ìkòkò, kó gbé omi àti obì. Tí òkú bá ṣẹlẹ̀ owó tí ìyàwó ń dá lòun náà máa dá. Ohunkóhun tó bá kọ, kó tó gbé e jáde, á kà á sókè ní Yorùbá lójúde, tọmọdé tàgbà á gbọ́, ẹni tó bá ní kì í ṣe bẹ́ẹ̀ ló rí á sọ ọ́.

Ó gbà. Ó tiẹ̀ ní èyí dáa ju ohun tóun béèrè lọ torí kò sẹ́ni tó ti gbà fóun láti wọ ilé ìdáná tẹ́lẹ̀, àwọn ìyá máa ń ní kó lọ jókòó, àlejò ni.

Alákọ̀wéṢómólú:
Ẹ wò ó, kíka ìwé sókè lójúde yẹn le ju bó ṣe rò lọ. Ẹ̀ka ilé mẹ́ta á sọ ìtàn mẹ́ta lórí ohun kan ṣoṣo, èwo ló máa kọ? Àmọ́ kó gbìyànjú, ibẹ̀ gan-an ló ti máa rí agbolé.

TíṣàYábàá:
Mo ṣì ní ìyàtọ̀ kan o. Ìyàwó ilé kì í ní tíkẹ́ẹ̀tì ọkọ̀ òfúrufú nínú báàgì. Ìyá Èpètèdó kò lè ní ọdún kan pé, ó dàbọ̀. Èyí tó bá sì mọ̀ nípa ilé, àwọn onílé náà ló ń kì í fún. Ti òyìnbó, Jámánì ló ń gbé e lọ.

ÌyàwóÈpètèdó:
Tíṣà, ẹ jẹ́ kó rin ata ná. Tó bá rin ata ìkómọ tí ojú ẹ̀ ta á, tó ṣì padà wá lọ́jọ́ kejì, a jọ máa sọ̀rọ̀ tíkẹ́ẹ̀tì. Ní báyìí ìyàwó kékeré ni, èmi ni mo wọlé ọkọ ṣáájú ẹ̀ bó tilẹ̀ jẹ́ pé ilé kan náà kọ́. Ẹ sọ fún un pé kò gbọdọ̀ pe ọmọ ilé kankan lórúkọ mọ́ o, títí kan ìwọ tó o gbé ọ̀rọ̀ yìí wá. Kó wò yín dáadáa kó fún yín lórúkọ.

DánfóÒjúẹlẹ́gba:
Ẹ jọ̀ọ́ orúkọ wo ló fún ẹ, ỌmọÌsàlẹ̀Èkó?

ỌmọÌsàlẹ̀Èkó:
Ó ti fún mi. Àwọn ìyá rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi jókòó sílẹ̀. Mi ò ní kọ ọ́ síbí.